Ayé inú ìwé Fágúnwà: ṣé ayé kan ni, àbí igbó lọ́tọ̀ọ̀tọ̀?

Olùkà-Alẹ́

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin tí ẹ mọ ìwé D. O. Fágúnwà dénú. Àyẹ̀wò tí mo ń kọ dá lórí ayé tí ó fi èrò dá nínú ìtàn rẹ̀ márààrún: igbó, òkè, omi, àti àwọn abàmì ẹ̀dá tó ń gbé ibẹ̀. N kò wá ìtàn ìgbésí ayé rẹ̀, n kò sì wá ẹ̀kọ́ tó fẹ́ kọ́ wa. Ayé yẹn gan-an ni mò ń wá: báwo ni ó ṣe tò ó, òfin wo ló ń darí rẹ̀?

Ìbéèrè mẹ́ta ni. Ṣé ilẹ̀ kan náà ni Igbó Irúnmalẹ̀, Igbó Olódùmarè àti Igbó Elégbèje? Bí èèyàn bá fẹ́ ya máàpù rẹ̀, apá kan kì í bá èkejì mu. Nínú àwọn lámèyítọ́ ńkọ́, ta ni kí n kọ́kọ́ kà, nígbà tí ẹnìkan ń sọ pé John Bunyan, òǹkọ̀wé Gẹ̀ẹ́sì tó kọ The Pilgrim's Progress, ni Fágúnwà wò kọ, tí ẹlòmíràn sì ń sọ pé àlọ́ ilé wa ni? Paríparí rẹ̀, ẹ̀dà àtijọ́ àti ẹ̀dà tuntun kò kọ ọ̀rọ̀ bákan náà. Èwo ni kí n tọ́ka sí?

Ẹnu-Bodè

Ẹ fa máàpù yẹn ya. Ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ àyẹ̀wò ti ń kọ́kọ́ ṣìnà, nítorí a ti ka ìwé àwọn òǹkọ̀wé ilẹ̀ òkèèrè tí wọ́n ń ya àwòrán ilẹ̀ sí iwájú ìwé, a wá rò pé bí gbogbo ayé àròsọ ṣe ń rí nìyẹn. Fágúnwà kò fún wa ní ìwọ̀n tí a lè fi ya ilẹ̀. Ohun tó fún wa ni ètò: ohun tí ẹ máa kọ́kọ́ pàdé, ohun tó tẹ̀ lé e, ẹni tó dúró lójú ọ̀nà, iye ọjọ́ tí ẹ lò níbẹ̀. Ojú ọ̀nà ni ayé rẹ̀. Bí arìnrìn-àjò kò bá gba ibì kan kọjá, ibẹ̀ kò sí.

Lórí pé ṣé ilẹ̀ kan ni, ẹ to ọdún ìtẹ̀jáde sí apá kan, kí ẹ to ọdún ìṣẹ̀lẹ̀ sí apá kejì. Ògbójú Ọdẹ nínú Igbó Irúnmalẹ̀ jáde ní 1938, Igbó Olódùmarè jáde ní 1949. Ṣùgbọ́n ìtàn Olówó-ayé ni Igbó Olódùmarè, bàbá Àkàrà-ògùn tó jẹ́ akọni ìwé àkọ́kọ́. Ìwé tó dé lẹ́yìn ló ń sọ ohun tó ṣẹlẹ̀ ṣáájú. Ẹ̀jẹ̀ ló so méjèèjì pọ̀, nítorí náà mo gbà pé ayé kan ni wọ́n. Ìrìnkèrindò nínú Igbó Elégbèje (1954) gba igbó mìíràn lọ sí Òkè Ìrònú: àbúrò ni, kì í ṣe ìbejì. Ìrèké-Oníbùdó, tí òun náà jáde ní 1949, gbé wa dé inú omi lọ́dọ̀ Àrógìdìgbà. Nígbà tí a fi máa dé Àdììtú Olódùmarè (1961), ìṣẹ́, owó, ìlú àti lẹ́tà ìfẹ́ ti gba ipò púpọ̀ lọ́wọ́ iwin. Ẹni tó bá kó márààrún pọ̀ sábẹ́ “ayé Fágúnwà” láìya wọ́n sọ́tọ̀, ó máa sọ nípa Àdììtú ohun tó jẹ́ ti Àkàrà-ògùn nìkan.

Dípò máàpù, ẹ fi bodè ṣe ìwọ̀n yín. Ẹ kọ́kọ́ ka ìwé kan tán láìmú gègé dání. Ní kíkà kejì, gbogbo ibi tí arìnrìn-àjò bá ti kúrò ní ipò kan bọ́ sí òmíràn, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ sí òpó márùn-ún: ibi tó ti ń bọ̀, ẹni tàbí ohun tó dá a dúró, ohun tó fi kọjá (ìjà, ògùn, orin, ọ̀rọ̀ ẹnu, ọgbọ́n, àdúrà, ìrànlọ́wọ́ ẹlòmíràn), ohun tó pàdánù, ohun tó mú kúrò níbẹ̀. Ẹ má fi “agbára” kọ òpó kẹta. Ọ̀rọ̀ yẹn fẹ̀ jù, gbogbo nǹkan ló máa wọ inú rẹ̀, àtẹ yín kò sì ní sọ nǹkan kan fún yín mọ́.

Ẹ wo bí ó ṣe ń ṣiṣẹ́. Nínú Igbó Olódùmarè, Èṣù-kékeré-òde dá Olówó-ayé dúró. Kí ẹnikẹ́ni tó na ọwọ́, ẹnu ni wọ́n kọ́kọ́ fi jà: oníkálùkù sọ irú ẹni tí òun jẹ́, ó pẹ́ kí ìjà tó bẹ́. Bí ẹ bá kọ “ìjà” sí òpó kẹta nìkan, ẹ ti sọ ìdajì rẹ̀ nù. Òfin kan ti hàn níbẹ̀: ní ayé yìí, ẹ ní láti mọ orúkọ ara yín àti iyì rẹ̀ kí ọ̀nà tó lè là.

Ẹ tún wo Àgbàkò nínú ìwé àkọ́kọ́. Fìlà irin ló dé, ẹ̀wù idẹ ló wọ̀, awọ ni ṣòkòtò rẹ̀, ojú mẹ́rìndínlógún ló sì yí orí rẹ̀ ká. Àwọn kan á yára kọ ọ́ sílẹ̀ pé “ẹranko búburú”. Ẹranko wo ló ń lọ sọ́dọ̀ alágbẹ̀dẹ? Irin, idẹ, awọ: iṣẹ́ ọwọ́ ọmọ ènìyàn ló wà lára rẹ̀, ojú rẹ̀ ni kì í ṣe ti ènìyàn. Mẹ́rìndínlógún á rán yín létí ojú odù Ifá. Ẹ lè sọ ọ́, àmọ́ ẹ kọ ọ́ gẹ́gẹ́ bí èrò tiyín, kí ẹ má kọ ọ́ bí ẹni pé ìwé náà ló sọ bẹ́ẹ̀.

Tàkúté

Mo fara mọ́ ọ̀rọ̀ bodè yẹn. Èyí tí mo fẹ́ fi kún un ni orúkọ ìran àwọn ẹ̀dá náà, nítorí ibẹ̀ ni àṣìṣe pọ̀ sí jù.

Ẹ má ṣe kọ “ẹ̀mí àìrí” fún gbogbo wọn. Iwin, ẹbọra, ọ̀rọ̀, egbére, ànjọ̀nnú, irúnmọlẹ̀: ọ̀kọ̀ọ̀kan ní ibùgbé rẹ̀ àti ìwà rẹ̀ lẹ́nu àwọn Yorùbá kí Fágúnwà tó mú gègé. Egbére kúrú, ó ń sunkún, ẹní sì wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ọ̀rọ̀ ń gbé inú igi. Ànjọ̀nnú gba ọ̀nà Hausa dé láti inú èdè Lárúbáwá. Fún ìdí èyí, bí ẹ bá pàdé Ànjọ̀nnú-ìbẹ̀rù nínú Igbó Olódùmarè, ẹ̀sìn mẹ́ta ló pàdé nínú ojú ìwé kan: orúkọ tó bá Ìsìláàmù wọlé, igbó àwọn baba wa, àti òǹkọ̀wé tó jẹ́ tíṣà onígbàgbọ́. Ẹ ṣí ojú ewé kan sọ́tọ̀ fún ìran kọ̀ọ̀kan, kí ẹ kọ ibi tí ó ti yọ, ohun tó ṣe, àti bóyá Fágúnwà pa ìwà tí a mọ̀ ọ́n mọ́ tẹ́lẹ̀ mọ́ tàbí ó yí i padà. Ibi tó bá ti yí i padà ni ayé tirẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀. Ìyókù, ayé gbogbo wa ni.

Èṣù ló le jù. Àwọn tó túmọ̀ Bíbélì sí Yorùbá ti fi Èṣù rọ́pò Sátánì tipẹ́ kí 1938 tó dé. Nígbà tí Fágúnwà bá wá kọ “èṣù”, ẹ bi ara yín ní gbogbo ìgbà: ṣé ti inú Bíbélì ni, tó kàn ń ṣe búburú? Ṣé ti oríta ni, tó ń ṣọ́ ọ̀nà tó sì ń dán ènìyàn wò? Èṣù-kékeré-òde tí Ẹnu-Bodè mẹ́nu bà jẹ́ méjèèjì lẹ́ẹ̀kan náà. Orúkọ onígbàgbọ́ ló jẹ́, iṣẹ́ oríta ló ń ṣe. Tí àyẹ̀wò yín bá mú ọ̀kan tó jù èkejì sílẹ̀, ẹni tó mọ ìwé náà á bá yín jà, ẹjọ́ rẹ̀ á sì tọ́.

Ìkìlọ̀ kan nípa ìtumọ̀. Wole Soyinka túmọ̀ ìwé àkọ́kọ́ sí The Forest of a Thousand Daemons ní 1968. Iṣẹ́ ńlá ni. Ṣùgbọ́n kò sí “ẹgbẹ̀rún” nínú orúkọ Yorùbá rẹ̀, ó sì dá ọ̀rọ̀ tuntun sílẹ̀, bíi ghommid, fún àwọn ẹ̀dá tí èdè Gẹ̀ẹ́sì kò ní orúkọ fún. Soyinka mọ ohun tó ń ṣe. Àwa tí a ń túmọ̀ ghommid padà sí Yorùbá ni kò mọ̀. Ẹ má ṣe ka irú ìran àti iye ẹ̀dá láti inú Gẹ̀ẹ́sì, àfi bí ìtumọ̀ fúnra rẹ̀ bá ni àyẹ̀wò yín dá lé.

Ìwé-Àtijọ́

Ìbéèrè kẹta ni tèmi.

Ìyàtọ̀ tí ẹ ń rí láàrin ẹ̀dà, ti àkọtọ́, ìyẹn ìlànà bí a ṣe ń kọ èdè sílẹ̀, ló pọ̀ jù nínú rẹ̀. Ìwé mẹ́rin àkọ́kọ́ àti èyí tó jáde ní 1961 ti wà nílẹ̀ kí ìgbìmọ̀ àkọtọ́ 1966 tó jókòó, kí ìjọba tó fọwọ́ sí àkọtọ́ òde òní ní 1974. Ẹ̀dà àtijọ́ á kọ aiye, enia, nwọn, ẹiyẹ; tuntun á kọ ayé, ènìyàn, wọ́n, ẹyẹ. Ibi tí fáwẹ̀lì bá ti fà, àtijọ́ á fi àmì ìfàgùn kan ṣoṣo lé e lórí bí nínú bẹ̃, nígbà tí a ń kọ ọ́ ní bẹ́ẹ̀ lónìí. Àmì ohùn kò tó nǹkan nínú ẹ̀dà àtijọ́, nítorí náà bí orúkọ kan bá lè ní ìtumọ̀ méjì, ẹni tó fi àmì sí i lẹ́yìn ti yan ọ̀kan fún yín. Èyí ṣe pàtàkì nínú ìwé tí orúkọ ti jẹ́ ìwà.

Ohun tó yẹ kí ẹ ṣe: ẹ yan ẹ̀dà kan fún ìwé kọ̀ọ̀kan, kí ẹ sọ ọdún àti ilé ìtẹ̀wé rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan ní ìbẹ̀rẹ̀, kí ẹ dúró sórí rẹ̀. Bí ẹ bá ṣe àyọkà, ẹ kọ ọ́ bí ó ṣe wà nínú ẹ̀dà yẹn; àlàyé tiyín nìkan ni kí ẹ fi àkọtọ́ òde òní kọ. Bẹ́ẹ̀ náà ni Irúnmalẹ̀ ṣe máa wà nínú orúkọ ìwé, kódà bí ẹ bá ń kọ irúnmọlẹ̀ nínú gbólóhùn tiyín. Ojú ìwé máa ń yí láti ẹ̀dà sí ẹ̀dà, nítorí náà ẹ fi ìṣẹ̀lẹ̀ kún nọ́ńbà rẹ̀: “ìrìn-àjò kejì, ìgbà tó bá ẹni báyìí pàdé”. Òǹkàwé tí ẹ̀dà mìíràn wà lọ́wọ́ rẹ̀ á rí i.

Bí ó bá jẹ́ orí kọ̀ǹpútà ni ẹ ti ń wá ọ̀rọ̀, pàkúté méjì wà níbẹ̀. Ìwé tí wọ́n ya fọ́tò rẹ̀ tí ẹ̀rọ wá kà kì í sábà rí àmì abẹ́: ẹ̀rọ lè ka ọ bíi o tàbí bíi q. Ẹ wá “ebora”, “ẹbọra” àti “ebqra”. Èkejì, ẹ́ kan náà lè jẹ́ lẹ́tà tí wọ́n tò ní ọ̀nà bíi mẹ́ta lábẹ́ ojú. Gbogbo wọn jọra lójú wa, ẹ̀rọ kò sì gbà pé ọ̀kan ni wọ́n, á wá ní òun kò rí nǹkan kan. Ẹ sọ gbogbo fáìlì yín di NFC, ìyẹn ọ̀nà kan ṣoṣo tí kọ̀ǹpútà á fi to lẹ́tà àti àmì rẹ̀, kí ẹ tó ka iye ohunkóhun. Ẹni tó bá kọ ọ́ pé “ọ̀rọ̀ yìí kò sí nínú ìwé náà” láìṣe èyí, ẹ̀rọ rẹ̀ ló kàn ń tàn án jẹ.

Olùkà-Alẹ́

Ẹ ṣeun púpọ̀, ẹ̀yin àgbà. Ọ̀rọ̀ bodè ti tú wàhálà máàpù. Àwọn lámèyítọ́ ló kù, àti ohun kan tó jọ mọ́ ọn: ilé Ìrágbèje, ọlọ́gbọ́n tó kọ́ àwọn akọni ìwé àkọ́kọ́ lẹ́kọ̀ọ́ ní Òkè Láńgbòdó. Ìrìn dúró níbẹ̀, ẹ̀kọ́ ló gba ibẹ̀ kan. Kò sí bodè, kò sí ìjà. Òpó wo ni mo fẹ́ kọ ọ́ sí?

Ẹnu-Bodè

Ẹ kọ́kọ́ ka ìwé tí Ayọ̀ Bámgbóṣé kọ lórí ìtàn Fágúnwà ní 1974. Òun ló tú gbogbo rẹ̀ palẹ̀: ibi tí ìtàn ti wá, ọ̀nà ìkọ̀tàn, àwọn ẹ̀dá ìtàn, èdè. Ẹ rántí pé ìbéèrè tirẹ̀ ni pé ṣé a hun ìtàn náà dáadáa. Ìdí nìyí tí ìwàásù àárín ìtàn fi jẹ́ àbùkù lójú rẹ̀. Lẹ́yìn rẹ̀, ẹ ka àròkọ Abíọ́lá Ìrèlé ti 1975, tó to Fágúnwà, Tutuola àti Soyinka sí ojú ìlà kan. Ìbéèrè tirẹ̀ yàtọ̀: kí ni ipò ọmọ ènìyàn láàrin gbogbo àwọn abàmì yìí? Ìdáhùn rẹ̀ ni pé ènìyàn gan-an ni akọni ayé náà. Ọdún yẹn kan náà ni Afọlábí Ọlábímtán kọ tirẹ̀ lórí ẹ̀sìn nínú àwọn ìtàn yìí. Èyí ló máa ràn yín lọ́wọ́ lórí ohun tí Tàkúté sọ nípa Èṣù. Bí ẹ bá ń tọ́ka sí ẹnikẹ́ni nínú wọn, ẹ kọ ìbéèrè rẹ̀ ṣáájú ìdáhùn rẹ̀. Ìjà tí ẹ rò pé ó wà láàrin wọn, ọ̀pọ̀ rẹ̀ á tán.

Lórí Bunyan, òótọ́ ni pé ìwé rẹ̀ yẹn ti wà ní Yorùbá, tí wọ́n pè ní Ìlọsíwájú Èrò Mímọ́, láti ọ̀rúndún kọkàndínlógún, kò sì ṣòro láti rí ojú rẹ̀ nínú àwọn orúkọ tó jẹ́ ìwà. Ẹ má dúró síbẹ̀. Ẹ kọ gbogbo orúkọ jáde kí ẹ tú u. Àwọn kan jẹ́ ìwà gbalasa, bíi Ìrànlọ́wọ́. Wọ́n jọ ti Bunyan. Òmíràn jẹ́ ọ̀rọ̀ méjì tó fẹ́ ara wọn: ìmọ̀ àti òye nínú Ìmọ̀dóyè. Olóhùn-iyọ̀ jẹ́ ìyìn, irú èyí tí a fi ń pe akọrin tòótọ́. Baba-onírùngbọ̀n-yẹúkẹ́ ńkọ́? Ọ̀rọ̀ àpèjúwe tó ń mì bí irùngbọ̀n fúnra rẹ̀ ni, oríkì pọ́nńbélé. Kò sí bí Bunyan ṣe lè kọ́ ẹnikẹ́ni ní yẹúkẹ́. Lẹ́yìn tí ẹ bá tú u tán, ẹ ó lè sọ pé irú báyìí pọ̀ níbi báyìí, dípò “ó wò ó kọ” tàbí “kò wò ó kọ”.

Tàkúté

Ẹ jẹ́ kí n já ọ̀rọ̀ gbà díẹ̀ lórí Ìrágbèje. Bí ẹ bá ní òpó kò gba ibẹ̀, òpó ló ní àléébù, ilé yẹn kọ́.

Ẹ wo bí nọ́ńbà méje ṣe ń tẹ̀ lé wa kiri. Àkàrà-ògùn, Kàkó, Ìmọ̀dóyè, Olóhùn-iyọ̀ àti àwọn mẹ́ta yòókù: méje ni àwọn akọni tó lọ sí Òkè Láńgbòdó. Ojúlé méje ni ilé Ìrágbèje ní, ọjọ́ méje ni wọ́n fi gbọ́ ẹ̀kọ́. Ìwé kẹrin gba Igbó Elégbèje, igba lọ́nà méje sì ni ẹgbèje, ìyẹn 1,400. N kò sọ pé awo kan wà lábẹ́ rẹ̀ o. Ohun tí mo ń sọ ni pé ibi tí òǹkọ̀wé bá ti ka nǹkan fún wa, kí a bá a kà á, nítorí kò ka ibùsọ̀ fún wa rárá.

Ilé yẹn jẹ́ bodè tó gba ọjọ́ méje kó tó ṣí, jíjókòó gbọ́ ọ̀rọ̀ sì ni ohun tí wọ́n fi kọjá rẹ̀. Ẹ kọ “etí” sí òpó kẹta. Ọ̀rọ̀ ẹnu ni Olówó-ayé kọ́kọ́ fi ko Èṣù-kékeré-òde lójú. Ọ̀rọ̀ ẹlòmíràn ni àwọn akọni tó lọ sí Láńgbòdó jókòó tì.

Ẹnu-Bodè

“Etí” dára, mo máa yá a lò. Ṣùgbọ́n kí Olùkà-Alẹ́ má gbà á láìwọ̀n ọ́n. Ẹ mú ẹ̀dà ìwé àkọ́kọ́ kan, kí ẹ ka iye ìlà tó jẹ́ ìrìn àti ìjà, kí ẹ ka iye tó jẹ́ ìjókòó àti ẹ̀kọ́, fún ìrìn-àjò kìíní, ìkejì àti ti Láńgbòdó lọ́tọ̀ọ̀tọ̀. Orí ìjókòó ni kí ẹ ka ìwàásù tí akọ̀wé bá ń bá òǹkàwé sọ láàrin ìtàn sí, àmọ́ ẹ fi àmì mìíràn sí i, torí pé lẹ́yìn òde ayé náà ló ti ń sọ̀rọ̀. Bí ìjókòó bá ń pọ̀ sí i bí a ṣe ń sún mọ́ òkè, ohun tí Tàkúté sọ dúró. Bí kò bá pọ̀ sí i, Bámgbóṣé ló jàre níbẹ̀, ẹ sì kọ ọ́ bẹ́ẹ̀.